Orin Tí A Fi Ń Se Iṣu Igbó

Inú mi dùn lọ́jọ́ náà débi pé aṣọ tí mo fi pamọ́ fún ìsìnkú mi ni mo wọ̀. Ọmọ ọmọ mi, tí mo ń pè ní Ayàwòrán, fẹ́ kó oúnjẹ àwọn ìyá wa sínú fídíò kí ó má baà parun. Iṣu igbó tí ìyá mi fi bọ́ wa lọ́dún ìyàn la fi bẹ̀rẹ̀.

Iṣu igbó lóró. A ó gé e pẹlẹbẹ, a ó gbé e kaná, a ó sì máa kọrin rẹ̀. Ẹsẹ méjìlá ni. Tí orin bá parí, a ó da omi nù, a ó bu òmíràn sí i, a ó tún un kọ. Ẹ̀ẹ̀mẹta. Ìyá mi kò ní aago. Orin ni aago rẹ̀. Ayàwòrán gbé fóònù sórí igi ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta, mo sì kọ ọ́ títí ohùn mi fi ha:

Iṣu igbó, má bínú sí mi,
Ebi ló sìn mí délé rẹ.

Lọ́jọ́ kẹta ó mú fídíò náà, tó ti gbé sórí íńtánẹ́ẹ̀tì, wá kí n wò ó. Mo rí ara mi, mo bú sẹ́rìn-ín. "Ẹ wo arúgbó yìí bó ṣe ń jùdí." Nínú fídíò náà, mo kọ ẹsẹ kan. Kí n tó mí, iṣu ti wà nínú àwo, mo ti ń jẹ ẹ́.

Ẹ̀rín kú lẹ́nu mi. "Orin mi tó kù ńkọ́?"

"Mo gé e ni, Ìyá Àgbà. Ta ló fẹ́ jókòó wo ìkòkò fún wákàtí méjì?"

"Omi tí mo dà nù ńkọ́?"

"Ẹ ò sọ nǹkan kan nípa omi. Ẹ kàn ń kọrin, ẹ ń dà á. Mo rò pé ó ti pọ̀ jù ni."

Lóòótọ́ ni, n kò sọ ọ́. Nílé wa, ẹni tó bá mọ orin ti mọ omi.

"Èèyàn mélòó ló ti wò ó?"

Ó ń ka ohun tí wọ́n kọ sísàlẹ̀ fídíò. Obìnrin kan tó pe ara rẹ̀ ní Aránṣọ kọ ọ́ pé, "Mo rí iṣu yìí lẹ́yìn ilé wa. Ó ti wà lórí iná, èmi àti màmá inú fídíò la jọ ń kọrin. Àwọn ọmọ mi ti jókòó tì tábìlì."

Ó ti lé ní ogún ìṣẹ́jú tó ti kọ ọ́.

Ayàwòrán pa fídíò náà rẹ́. Ó pe obìnrin náà ní ìpè fídíò lẹ́ẹ̀mẹrin, kò gbé e. Ìgbà karùn-ún ni ojú rẹ̀ yọ.

"Màmá olórin," ó ní, "ẹ wá bá wa jẹun."

"Ọmọ mi, ṣé àwọn ọmọ ti jẹ ẹ́?"

"Rárá, ó ṣì gbóná. Èmi nìkan ni mo tọ́ ọ wò. Ó dùn, àmọ́ ètè mi ń kú tipiri."

"Dà á nù. Máa lọ sí ọsíbítù báyìí."

Ó fẹ́ rẹ́rìn-ín. Ẹnu rẹ̀ kò gbé e. Ó fẹ́ sọ̀rọ̀, ahọ́n rẹ̀ wúwo. Fóònù ṣubú, àjà ilé nìkan la ń rí.

Ojú ọmọdé kan wá bò ó. "Ṣé ẹ̀yin ni màmá inú fídíò?"

"Èmi ni, ọkọ mi. Má jẹ iṣu yẹn. Sáré lọ pe aládùúgbò."

Mo gbọ́ ẹsẹ̀ rẹ̀ tó ń sáré, mo gbọ́ ilẹ̀kùn. Lẹ́yìn náà, mo gbọ́ ṣíbí ọmọ mìíràn nídìí tábìlì, tó rọra ń kan àwo.