Òdòdó Ìkórè Tí Ìyá Ọkọ Mi Sè

Ẹnu mi ló kó bá mi. Níbi ìpàdé ẹgbẹ́ ìyá ní ṣọ́ọ̀ṣì wa ní Ìsìkàn, Monílọ́lá ní òun máa fi òdòdó onírọ́bà ṣe pẹpẹ lọ́ṣọ̀ọ́ fún Ìkórè, bí òun ṣe ń ṣe é lọ́dọọdún. Ni mo bá dìde, èmi Yéjídé. Mo ní, "Rọ́bà kẹ̀? Ìkórè la ń ṣe, ẹ fẹ́ gbé rọ́bà síwájú Ọlọ́run? Lọ́dún yìí, òdòdó tí mo fọwọ́ ara mi gbìn ló máa wà lórí pẹpẹ yẹn!" Gbogbo wọn pàtẹ́wọ́. Monílọ́lá náà pàtẹ́wọ́, àmọ́ ó ń wò mí láti òkè délẹ̀. Ẹ sì wò ó o, mi ò gbin òdòdó kankan rí láyé mi.

Àbúrò mi tó wà ní Kánádà ló bá mi fi irúgbìn ránṣẹ́. Òdòdó pupa fòò ló wà lára páálí rẹ̀, wọ́n kọ "Selósíà" sí i. Mo tún ẹ̀yìnkùlé ṣe, mo da ìgbẹ́ adìẹ sí i, mo fọ́n irúgbìn. Òjò ń rọ̀, oòrùn ń ràn, àwọn nǹkan mi ń ga. Láràárọ̀ ni mò ń lọ kí wọn. Kìtán ọkọ mi ní ká ní mo ń kí òun báyẹn ni, òun ì bá ti sanra.

Ó ku ọ̀sẹ̀ méje kí Ìkórè pé nígbà tí ìyá ọkọ mi, Mama Agnes, wá kí wa láti Oǹdó. Tíṣà tó ti fẹ̀yìntì ni wọ́n, ọwọ́ wọn kì í sinmi. Lọ́jọ́ kejì tí wọ́n dé, mo lọ síbi iṣẹ́. Ìgbà tí mo fi máa padà, òórùn ọbẹ̀ ti gba gbogbo ilé. Irú ni o, ẹja gbígbẹ ni o. Itọ́ dà lẹ́nu mi.

"Ìyá, ẹ kú iṣẹ́ o! Ẹ̀fọ́ wo lẹ rí sè?"

"Ṣọkọ tó wà lẹ́yìnkùlé yín ni. Ó ti dára tó yẹn, o ò já a, ṣé o fẹ́ kó gbó ni? Mo ti bá ẹ já gbogbo ẹ̀."

Mo ju báàgì sílẹ̀, ó di eré. Yéè! Kò sí ẹyọ kan tó ṣì ní orí. Gbogbo wọn ti di kùkùté. Mo lọgun, "Òdòdó ni! Òdòdó Kánádà ni! Ìyá, òdòdó pẹpẹ lẹ sè yẹn!"

"Òdòdó wo? Láti kékeré ni mo ti ń jẹ ṣọkọ, ìyàwó mi. Ẹni tó pè é ní òdòdó fún ẹ ló gbọ́n."

Kìtán ti ń jẹ ní tiẹ̀, ó tilẹ̀ ti bu ẹ̀ẹ̀kejì. Ó ní ó dùn. Ó ṣe mí bíi kí n da ọbẹ̀ náà lé e lórí. Mi ò fẹnu kàn án rárá. Mo sì sọ ohun tí kò yẹ kí n sọ: mo ní, "Ẹ ò lè béèrè kẹ́ ẹ tó fọwọ́ kan nǹkan onínǹkan ni?" Ìyá wọ yàrá lọ di ẹrù wọn. Nígbà tílẹ̀ mọ́, wọ́n wọ mọ́tò Oǹdó lọ.

Ojú wo ni mo fẹ́ fi wo Monílọ́lá? Mi ò lọ sí ìpàdé mọ́. Ọ̀sẹ̀ méjì gbáko, mi ò dé ẹ̀yìnkùlé. Ọjọ́ tí mo wá gbé ọkọ́ láti lọ hú àwọn kùkùté náà dànù, mo débẹ̀, mo dúró gbagidi. Ibi tí Ìyá ti já orí kan, ẹ̀ka mẹ́rin, márùn-ún ló ti yọ! Nígbà tó fi máa ku ọ̀sẹ̀ kan sí Ìkórè, ẹ̀yìnkùlé mi ti pọ́n bí iná ààrò. Mo jó yí ilé po. Aládùúgbò yọjú lójú fèrèsé, mo ní kó máa bọ̀ wá jó.

Ṣùgbọ́n ẹ̀rí ọkàn ò jẹ́ kí n gbé e dé pẹpẹ láì kọ́kọ́ dé Oǹdó. Mo di ìdì kan, mo gbé e lé ẹsẹ̀ nínú mọ́tò, gbogbo èrò ń bi mí pé níbo ni ìgbéyàwó wà. Mo kúnlẹ̀ síwájú Ìyá.

"Ẹ forí jì mí, Ìyá. Ọwọ́ yín ló sọ ọ́ di púpọ̀."

Wọ́n wo òdòdó, wọ́n wò mí. "Bó ṣe máa ń ṣe nìyẹn. Tí a bá já a, á tún pọ̀ sí i. Dìde, ọmọ mi, ilẹ̀ tutù. Ọjọ́ wo ni Ìkórè ọ̀hún?"

Lọ́jọ́ Ìkórè, òdòdó bo pẹpẹ pátápátá. Monílọ́lá fúnra ẹ̀ wá bá mi, ó ní kí n jọ̀ọ́, kí n bá òun wá irúgbìn rẹ̀ ní Kánádà. Mo bú sẹ́rìn-ín. Mo wá Ìyá kí wọ́n bá mi dá a lóhùn, mi ò rí wọn. Ẹ̀yìn ṣọ́ọ̀ṣì ni mo ti bá wọn, níbi tí a ti já ewé kúrò lára òdòdó kí a tó tò ó. Wọ́n bẹ̀rẹ̀, wọ́n ń ṣa ewé náà sínú ọ̀rá.

Wọ́n gbójú sókè wò mí, wọ́n ní, "Ẹ fẹ́ da èyí nù?"

Mo wá ọ̀rá kan, èmi náà bẹ̀rẹ̀, mo ń bá wọn ṣà á. Ìyá sè é nígbà tá a délé, abọ́ méjì ni mo jẹ lọ́jọ́ yẹn. Kìtán ò rí ẹ̀ẹ̀kejì bù.