Ojú Tó Ń Wo Òmìrán Pupa

Inú ti ń bí akọ̀wé ilé ìwòràwọ̀ láti àárọ̀ Ọjọ́rú, inú rẹ̀ sì tó bí. Ọ̀gá rẹ̀, tí àwọn òṣìṣẹ́ ń pè ní Pa-á-rẹ́ lẹ́yìn rẹ̀ nítorí bó ṣe máa ń fi pẹ́ńsù fa ìlà kọjá lórí iṣẹ́ oníṣẹ́, pè é wọ yàrá, kò sì ní kó jókòó. Ó ní òpùrọ́ ni bàbá akọ̀wé.

"Ọdún mẹ́tàdínlọ́gbọ̀n ni bàbá rẹ fi ń kọ nọ́ńbà ìmọ́lẹ̀ ìràwọ̀ ránṣẹ́ sí wa. Mo wo èyí tó kọ láìpẹ́ yìí, kò bá tàwọn yòókù tó ń wo ìràwọ̀ fún wa mu rárá. Inú ilé ló jókòó sí tó ń hùmọ̀ wọn. Ọjọ́ Ẹtì ni ìwé wa ń lọ sílé ìtẹ̀wé. Gbogbo tiẹ̀ ni n ó yọ."

"Gbogbo ẹ̀ pátá, sà?"

"Ẹni tó parọ́ lónìí, kí ló máa fi hàn mí pé kò parọ́ lánàá?"

Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí wọ́n ń jà lé lórí, kí inú tó bí èmi náà débi tí n ò ní lè sọ ọ́ mọ́. Ìràwọ̀ kan ni. Ó ti darúgbó, ó sì ti wú débi pé bí wọ́n bá gbé e sípò oòrùn wa, inú ikùn rẹ̀ ni ayé yìí máa wà. Bó ṣe wú yẹn, ojú ara rẹ̀ tutù ju ti oòrùn lọ, ìdí nìyẹn tó fi pupa bí ẹyín iná tó fẹ́ kú. Kì í sì í dúró sójú kan. Á wú, á tún sún kì. Lónìí ojú lásán á rí i, tó bá di oṣù mélòó kan sí i, àfi kéèyàn fi awò awọ̀nàjíjìn wá a kiri. Bí oṣù mọ́kànlá ló fi ń yípo, nígbà mìíràn á yá, nígbà mìíràn á pẹ́, kò gba àṣẹ lọ́wọ́ kàlẹ́ńdà ẹnikẹ́ni. Òmìrán pupa làwọn onímọ̀ ń pè é. Ẹnì kan kò lè dá mọ̀ ọ́n tán, àfi kí ọ̀pọ̀ ojú máa ṣọ́ ọ fún ọdún gbọọrọ, kí wọ́n sì máa kọ ohun tí wọ́n bá rí sílẹ̀.

Ọ̀kan lára ojú wọ̀nyẹn ni ti bàbá akọ̀wé. Aago ló ń tún ṣe kó tó fẹ̀yìn tì, Ojú Àwòdì sì làwọn oníbàárà ń pè é, torí ìdè bíńtín inú aago tó bá já bọ́ sórí kápẹ́ẹ̀tì, ìdúró ló máa wà tó ti máa rí i. Bó ṣe ń ṣe é ni pé á wo òmìrán náà, á wo àwọn ìràwọ̀ funfun ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ tí ìmọ́lẹ̀ wọn kì í yí padà, á sì díwọ̀n èyí tó bá dọ́gba. Òun ló kọ́ ọmọ rẹ̀ pé ìràwọ̀ pupa kì í ṣe ohun tí à ń tẹjú mọ́. "Tí o bá tẹjú mọ́ ọn, ojú rẹ á máa kó pupa jọ, wàá ní ó mọ́lẹ̀ ju bó ṣe wà lọ. Wò ó fìrí, kí o gbójú kúrò." Ẹni tó ń ṣọ́ ojú ara rẹ̀ tó báyẹn ni wọ́n wá ń pè ní òpùrọ́.

Akọ̀wé padà sídìí kọ̀ǹpútà rẹ̀, ó ń tẹ bọ́tìnnì bí ẹni ń lu ọmọ aláìgbọràn. Ó to nọ́ńbà bàbá rẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ tàwọn yòókù lọ́dọọdún. Òótọ́ ni pé bàbá ń kọ òmìrán náà ní ìmọ́lẹ̀ ju bí wọ́n ṣe ń rí i lọ. Àmọ́ àṣìṣe yẹn kò bẹ̀rẹ̀ lọ́jọ́ kan. Bíńtín ni níbẹ̀rẹ̀, ó wá ń pọ̀ sí i lọ́dún dé ọdún. Irọ́ wo ló ń dàgbà bí ọmọ? Ìràwọ̀ mìíràn tún wà tí bàbá ń ṣọ́, funfun lèyí, òun náà ń yí padà. Nọ́ńbà ti funfun bá tàwọn yòókù mu láìyẹ̀. Ta ló ń parọ́ fún pupa, tó wá ń sòótọ́ fún funfun?

Gíláàsì aláwọ̀ kan wà nínú kọ́bọ́ọ̀dù ibi iṣẹ́ tó pọ́n bí oyin. Akọ̀wé fi dí ojú kan, ó wo gílóòbù funfun àti kékeré pupa tó wà lára ògiri. Funfun ṣókùnkùn. Pupa dúró bó ṣe wà. Bí funfun tí à ń fi wọn pupa bá ṣókùnkùn, pupa á dà bí èyí tó mọ́lẹ̀ jù, àmọ́ funfun àti funfun á ṣì dọ́gba. Ó jókòó. Ojú bàbá rẹ̀ ló ti di gíláàsì. Ìpẹ́ ti ń bò ó, ó ní láti jẹ́ pé bàbá mọ̀, kò sì sọ fún ẹnikẹ́ni nínú ilé. Ìbínú tó ti wà fún Pa-á-rẹ́ tẹ́lẹ̀ wá pín sí méjì, apá tó tóbi jù sì kọjú sílé.

Ó gbé àlàyé náà lọ bá ọ̀gá. Ọ̀gá gbọ́ ọ tán, ó mi orí.

"Ó lè rí bẹ́ẹ̀. Kì í ṣe òpùrọ́, ojú ló ń dùn ún. Kí ni n ó fi ìyẹn ṣe? Mi ò mọ ibi tí ojú tó dáa parí sí. Mú oṣù tó bẹ̀rẹ̀ wá fún mi, kì í ṣe àfojúbù o, ohun tó ní déètì lára. Èyí tó ṣáájú oṣù yẹn á dúró, a ó kọ àkíyèsí sí èyí tó tẹ̀lé e. Bí kò bá sí, mo pa á rẹ́."

Ọ̀sán Ọjọ́bọ̀ ni akọ̀wé délé bàbá rẹ̀. Bàbá jókòó lẹ́bàá fèrèsé, awò rẹ̀ lórí itan.

"Bàbá mi, láti ìgbà wo ni ojú yín ti ń bò?"

"Ojú ta ni?"

"Ojú yín, sà."

"Ojú mi mọ́ bí omi òjò. Ta ló rán ọ? Ọ̀gá rẹ tí kò mọ ìyàtọ̀ láàárín ìràwọ̀ àti gílóòbù?"

"Lọ́la ni wọ́n máa pa ọdún mẹ́tàdínlọ́gbọ̀n yín rẹ́. Wọ́n ní òpùrọ́ ni yín. Mo ti jà títí ẹnu mi gbẹ, ẹ wá ń ṣe agídí fún èmi. Oṣù tó bẹ̀rẹ̀ nìkan ni mo fẹ́."

"Kò sí oṣù kankan."

Akọ̀wé fi ọwọ́ gbá tábìlì. Kò ṣe irú ẹ̀ níwájú bàbá rẹ̀ rí.

"Oṣù kẹta ni," ni ìyá rẹ̀ wí láti ẹnu ọ̀nà yàrá. "Ọdún tí ẹ̀gbọ́n rẹ kọ́kọ́ wọṣẹ́. Ó ti pé ọdún mọ́kànlá báyìí."

Káàdì ọsibítù kan wà lọ́wọ́ rẹ̀, etí rẹ̀ ti gbó.

"Bàbá rẹ ju ṣẹ́ẹ̀tì funfun lù mí lójú láàárọ̀ ọjọ́ kan. Ó ní ó pọ́n, ó ní ọ̀bùn ni mí. Mo tún un fọ̀. Mo fi bílíìṣì, mo fi búlúù, títí ọwọ́ mi fi bó. Funfun ni mò ń rí, òun ní ó pọ́n. Ojú Àwòdì ló kúkú sọ̀rọ̀, ta ni èmi? Mo ní bóyá ojú tèmi ló bàjẹ́, mo gba ọsibítù lọ. Dókítà ní ojú méjèèjì dáa. Òun ló kọ ọ́ síbí, pẹ̀lú ohun tí mo bá wá, pẹ̀lú déètì. Mo fi pamọ́, torí mi ò rẹ́ni fi hàn."

Akọ̀wé na ọwọ́. Ìyá fa káàdì sẹ́yìn.

"Kò tíì yá. Kí bàbá rẹ kọ́kọ́ sọ bí aṣọ yẹn ṣe rí."

"Ìwọ obìnrin yìí," ni bàbá wí, "ṣé nítorí ṣẹ́ẹ̀tì lo ṣe fẹ́ ba iṣẹ́ ayé mi jẹ́?"

"Nítorí ṣẹ́ẹ̀tì ni."

Akọ̀wé lè bẹ ìyá rẹ̀. Ó ku ìṣẹ́jú díẹ̀ kí ó bẹ̀ ẹ́, ló bá rántí pé òun náà ti bá bàbá rẹ́rìn-ín rí lórí ọ̀rọ̀ ọ̀bùn yìí, lójú ìyá, lẹ́ẹ̀kan tàbí lẹ́ẹ̀mẹ́wàá. Ojú tì í, inú sì bí i sí ara rẹ̀. Kò bẹ̀ ẹ́ mọ́.

Bàbá sorí kodò. Itan ara rẹ̀ ló ń wò.

"Aṣọ náà mọ́."

"Èwo nínú wọn?"

"Gbogbo rẹ̀. Gbogbo rẹ̀ ló mọ́ láti ọjọ́ yìí wá. Mo mọ̀ pé ojú mi ni, ẹ̀rù ló bà mí."

Ìyá gbé káàdì lé tábìlì. Ó kọjú sí ọmọ rẹ̀. "Kọ ọ́ sínú ìwé yín pé aṣọ tí mo fọ̀ mọ́."

"Ìyá mi, ìwé ìràwọ̀ ni o."

"Mo gbọ́ pé ìràwọ̀ ni. Kọ ọ́."

Akọ̀wé mú bírò, ó kọ ọ́ sí ibi àkíyèsí nínú ìwé ìràwọ̀ tó gbé wá láti ibi iṣẹ́ pé láti oṣù kẹta ọdún náà ni ojú aláwò ti ń rí funfun bí ohun tó pọ́n. Ìyàwó rẹ̀ ni ẹlẹ́rìí, aṣọ tó fọ̀ mọ́. Ìyá dúró lé e lórí, ó kà á lẹ́ẹ̀mejì, kò rẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn náà ló wọ yàrá, ó kó gbogbo aṣọ funfun bàbá jáde, ó dà á sílẹ̀ níwájú rẹ̀.

"Láti òní lọ," ó ní, "ẹ máa fọ̀ ọ́ fúnra yín."