Bàbá Onodera Kò Ṣubú

Èmi ni mo fa wàhálà yẹn, mo gbà. Èmi Bọ́sẹ̀, nọ́ọ̀sì ní Riverdale, nílùú òyìnbó níbí, èmi ni mo fi pàṣán kọ́ Gbémi ọmọ mi pé a kì í sọ fún àgbà pé kò mọ nǹkan ṣe. Mi ò mọ̀ pé ọmọ náà máa lo ọdún mẹ́sàn-án ní Tokyo, pé á máa kọ fíìmù oníjà idà àwọn ará Japan, á sì máa darí wọn fúnra ẹ̀.

Nígbà tó padà wá sọ́dọ̀ wa, ìparí fíìmù ẹ̀ tuntun ni wọ́n ń ya ní warehouse kan ní Douglasville, nítòsí wa. Mo ti ibi shift gbé mọ́ínmọ́ín lọ fún wọn. Nínú ohun tí Gbémi kọ, ọmọbìnrin kan bá ọ̀gá tó kọ́ ọ níjà jà, ọ̀gá sì gbọ́dọ̀ ṣubú. Bàbá Onodera, òṣèré ará Japan, ẹni ọdún méjìléláàádọ́rin, ló ń ṣe ọ̀gá. Ẹ̀ẹ̀mẹsàn-án ni wọ́n ya á, ẹ̀ẹ̀mẹsàn-án ni Bàbá dúró digbí. Á wá bi Gbémi bóyá ó dára. Gbémi á tẹrí ba.

"Ó dára, sà." Á tún ní kí wọ́n tún un ṣe!

Èwo ni ó dára níbẹ̀? Inú bí mi.

Clara, aṣojú ilé-iṣẹ́ tó ni fíìmù, wo aago. Ó ní tí kò bá bọ́ sí i kí aago mẹ́rin tó lù, ẹlòmíràn ló máa darí ìparí náà lọ́la. Lẹ́yìn ọdún mẹ́sàn-án tí ọmọ mi fi kọ́ṣẹ́!

Mo fa Gbémi sí kọ̀rọ̀. "Ta ló kọ ọ̀rọ̀ yìí?"

"Èmi ni, Mummy."

"Ṣé bí o ṣe kọ ọ́ ni wọ́n ń ṣe é?"

"Rárá, mà. Ṣùgbọ́n Bàbá dàgbà jù mí lọ."

"Wọ́n dàgbà, wọn kì í ṣe wòlíì! Ta ló máa sọ fún wọn? Àṣìkọ́ ni mo kọ́ ẹ. Kúnlẹ̀ o, àmọ́ sọ ọ́."

Ó lọ kúnlẹ̀. "Ẹ má bínú, sà. Kò dára. Ó yẹ kí ẹ ṣubú."

Bàbá yanu. "Ìwọ lo ń sọ pé ó dára!"

Wọ́n tún un ṣe. Idà kọjá fìrì, Bàbá lulẹ̀ gbì! Gbogbo èèyàn pàtẹ́wọ́. Aago mẹ́rin ku ogún ìṣẹ́jú. Clara ní ó ti tó, ó ti ń kó ẹrù ẹ̀. Láti ilẹ̀ níbẹ̀, Bàbá bi Gbémi bóyá ó dára.

"Kò tíì dára, sà," Gbémi dáhùn, ketekete. "Ẹ ti yára ṣubú jù. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ tún ṣubú."

Yéè, ọmọ mi! Mo pariwo, wọ́n ní kí n dákẹ́. Bàbá Onodera gbọn eruku ṣòkòtò ẹ̀, ó ní, "Yes, dáírẹ́kítọ̀," ó sì padà síbi tó ti máa ṣubú.