Ìdọ̀tí Ńkọ́?

Láti ìgbà tí ọmọbìnrin bàbá alágbàfọ̀ ti lọ kọ́ ìmọ̀ àwọn ọlọ́gbọ́n Gíríìkì àtijọ́ lókè òkun, ọ̀rọ̀ kan náà ni wọ́n ń sọ lórí fóònù lọ́jọ́ Àìkú.

"Bàbá, ṣé ẹ ti jẹun?"

"Mo ti jẹun, ìyá mi."

Lẹ́yìn náà, wọ́n á ní ó dàbọ̀.

Nígbà tó sú bàbá, ó ra ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ kan lórí ìmọ̀ náà, ó ṣí i sórí tábìlì ìlọṣọ. Ojú ewé kìn-ín-ní ni ọlọ́gbọ́n kan ti sọ pé omi ni ohun gbogbo. Omi kẹ̀? Níwájú ẹni tó ti ń fọṣọ láti ọgbọ̀n ọdún?

Lọ́jọ́ Àìkú, kò tiẹ̀ jẹ́ kí ọmọ kí òun tán. "Ìyá mi, bó bá jẹ́ pé omi ni ohun gbogbo, ìdọ̀tí ńkọ́? Kí ni mo ń fi omi fọ̀ kúrò lára aṣọ?"

"Háà, Bàbá!" Ọmọ rẹ́rìn-ín, ó ṣàlàyé, ó jiyàn, títí fóònù fi já.

Ọmọ kò rántí béèrè bóyá bàbá òun ti jẹun rárá. Bẹ́ẹ̀, bàbá kò tíì fi nǹkan kan ẹnu láti àárọ̀, ṣùgbọ́n ebi ọjọ́ Àìkú tó ń bọ̀ nìkan ló ń pa á.