Àlejò Tí Kò Lè Bú Wa

Láti ìgbà tí Litia ti pe àbúrò rẹ̀, Vasiti, láti Suva, olú-ìlú Fiji, ni oúnjẹ kò ti gba ọ̀fun ìyẹn kọjá mọ́. Ọ̀rọ̀ tí Litia sọ kò pọ̀. "Rusiate ti háyà ẹnìkan pé kó pa ọ́. Ó ti sanwó fún un. Bí àlejò lonítọ̀hún máa wọlé. Vasiti, jọ̀ọ́, fojú sílẹ̀."

Rusiate ni ọkọ tí Vasiti kọ̀ sílẹ̀. Ọmọ kan ṣoṣo ló wà láàárín wọn, Unaisi, ọmọ ọdún méje, òun náà sì ni wọ́n ń fà mọ́ ara wọn lọ́wọ́ ní kóòtù. Adájọ́ ti ní kí ọmọ wà lọ́dọ̀ ìyá títí òun yóò fi dájọ́, gbogbo èèyàn ló sì ti rí ibi tí ẹjọ́ ń fì sí. Bí ìyá bá kú, ẹjọ́ tán nìyẹn. Ọkùnrin tó ń pariwo káàkiri pé òun ò lè gbé ayé láìrí ọmọ òun, òun náà ló fẹ́ sọ ọmọ ọ̀hún di aláìníyàá. Kí Ọlọ́run má jẹ̀ẹ́ kí wọ́n fi irú ìfẹ́ bẹ́ẹ̀ fẹ́ wa.

Vasiti sá wá sí Naivudi, abúlé bàbá rẹ̀, ní erékùṣù tí ọkọ̀ ojú omi kì í tètè dé. Ilaitia, àbúrò bàbá rẹ̀, ló gbà á sílé, ó sì ti ro gbogbo ọ̀rọ̀ náà fún un. Wọ́n pe ọlọ́pàá. Àwọn yẹn ní àwọn ń bọ̀, tí ọkọ̀ àwọn bá ti rí epo.

Ọkọ̀ tó dé lọ́sàn-án ọjọ́ Ẹtì já ọkùnrin gíga kan sílẹ̀. Ó ró sulu tó mọ́ tónítóní, ó gbé àpò kan kọ́ èjìká, ó gbá gbòǹgbò yaqona tí àlejò fi ń wọ̀lú mọ́ àyà, ó sì béèrè ilé Ilaitia. Vasiti ń fi omi àgbọn se ẹja lẹ́yìnkùlé nígbà tó gbọ́ ohùn àjèjì. Ó fi ìgbakọ sílẹ̀, ó sáré lọ bá Ilaitia.

"Bàbá," ó sọ̀rọ̀ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ lẹ́nu ọ̀nà ẹ̀yìn, "òun nìyẹn. Ẹ má jẹ̀ẹ́ kó wọlé."

"O mọ̀ ọ́n rí ni?"

"Rárá o, ṣùgbọ́n ara mi ń sọ fún mi."

"Tá a bá ń tìtorí ara lé àlejò, ta ló máa tún yà sọ́dọ̀ wa? Mú ọmọ ẹ lọ bá ìyàwó mi. Kò sẹ́ni tó máa fọwọ́ kàn ọ́ nínú ilé yìí."

Vasiti fi Unaisi síkàáwọ́ ìyàwó Ilaitia, ó sì padà wá yọjú lẹ́nu ọ̀nà. Àlejò ti jókòó sórí ẹní. Ó tẹrí ba, ó gbé yaqona síwájú, ó ní Manasa lorúkọ òun, ọmọ Dravusolo lòun, ilẹ̀ oko lòun wá wò. Ilaitia pàtẹ́wọ́, ó gbà á. Tí wọ́n bá ti gba yaqona lọ́wọ́ àlejò, ó ti di ọmọ ilé. Abẹ́ òrùlé yìí ló máa sùn, Vasiti ló sì máa gbé oúnjẹ fún un.

Àmọ́ bí ó ṣe dárúkọ Dravusolo ni àwọn ọkùnrin tó wà níjókòó ti ń rẹ́rìn-ín. Láti ayé àwọn baba ńlá ni Dravusolo àti Naivudi ti jẹ́ tauvu, ọmọ òrìṣà kan náà. Tí wọ́n bá pàdé, wọn a máa bú ara wọn bí ẹni tó ń lá oyin, wọn a máa gba ẹrù ara wọn láìtọrọ, kò sì sẹ́ni tó ń bínú.

"Yéè! Ẹ kó adìyẹ yín wọlé o, olè Dravusolo ti dé!" Ilaitia pariwo. "Wo ojú ẹ bí ẹja tí oòrùn pa! Ṣé ẹ ti wá ń wa ọkọ̀ lójú omi báyìí, àbí orí iyanrìn náà lẹ ṣì ń wà á sí?"

Àlejò tẹrí ba. "Ẹ ṣeun, sà."

Ẹ̀rín dín kù.

"Bọ́ ṣẹ́ẹ̀tì yẹn fún mi. Tèmi ni."

"Ẹ gbà á, sà. Ẹ má bínú pé ó ti gbó díẹ̀."

Kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín mọ́. Ojúlówó ọmọ Dravusolo ì bá ti sọ pé ikùn Ilaitia á fa ṣẹ́ẹ̀tì náà ya. Ì bá ti sáré lọ sẹ́yìnkùlé lọ gbé gbogbo ìkòkò ẹja. Ẹni tí yóò mú ọ̀bọ a máa ṣe bí ọ̀bọ, ṣùgbọ́n ìgboro Suva ni wọ́n ti tọ́ eléyìí dàgbà. Orúkọ abúlé tó gbọ́ lẹ́nu èrò ọkọ̀ ló gbé kọ́rùn, ẹnikẹ́ni ò sì kọ́ ọ ní eébú tó ń bá orúkọ náà rìn.

Vasiti rí i tí ojú Ilaitia yí padà. Títí di ìgbà yẹn, ó ṣì ń bẹ Ọlọ́run pé kó jẹ́ pé ojo lásán ló ń ṣe òun. Wàyí o, ikú ló jókòó lórí ẹní tí òun fọwọ́ ara òun tẹ́.

"Ó ku àpò," ni Ilaitia wí, ó sì na ọwọ́.

Ọkùnrin náà fa àpò mọ́ra. "Ẹ dákun, sà, ẹ fi ìyẹn sílẹ̀."

"Ọmọ Dravusolo wo ló ń fi àpò dù mí? Ìwọ ọkùnrin yìí, ta ló bí ọ?"

Kó tó dìde, àwọn ọ̀dọ́kùnrin ti gùn ún mọ́lẹ̀. Ìjàgùdù yẹn ni àpò ti já. Okùn tuntun kan àti fọ́tò Vasiti ló bọ́ sílẹ̀.

Ọkùnrin náà bú sẹ́kún. "Rusiate ni. Ẹ má pa mí. Ó ní tí obìnrin yìí bá ń lọ fọṣọ lódò láàárọ̀, kì í sẹ́nì kankan níbẹ̀."

"Ta ló sọ ìyẹn fún Rusiate?" Vasiti bi í.

Ọkùnrin náà kò wò ó. Ẹnu ọ̀nà ló ń wò. Unaisi ti já mọ́ ìyàwó Ilaitia lọ́wọ́, ó dúró síbẹ̀, ó ń wo ọkùnrin tí wọ́n ń dè.

"Màmá," ó ní, "Dádì ló bi mí lórí fóònù ibi tẹ́ ẹ máa ń dá wà. Ó ní ẹnìkan ń gbé nǹkan bọ̀ wá fún yín, pé kí n má sọ. Ẹ má jẹ̀ẹ́ kí wọ́n de bọ̀dá yẹn. Ṣé mi ò júwe ibẹ̀ dáadáa ni?"

Vasiti gbé e, ó fi ojú ọmọ náà pamọ́ sí ọrùn ara rẹ̀ kó má baà rí ojú òun.

"O júwe ẹ̀ dáadáa, ọmọ mi," ó ní.