Ìwé Tí Àbúrò Mi Yàn

Àǹtí Ẹ-Dákẹ́ ni àwọn ọmọ tó ń wá sí ilé ìkàwé wa ń pè mí, mi ò sì bínú sí i. Ilé ìkàwé kì í ṣe ọjà. Ẹni tó bá fẹ́ pariwo, kó bọ́ síta, ìta fẹ̀ dáadáa. Ọ̀sán Sátidé nìkan ni mo máa ń gbà kí wọ́n la ẹnu nínú ilé náà, nígbà tí àwọn òǹkàwé bá ń dìde lọ́kọ̀ọ̀kan láti sọ ìwé tí wọ́n fẹ́ kí ẹlòmíì kà. Èmi ni mo ṣe òfin ọjọ́ náà. O gbọ́dọ̀ ti ka ìwé náà tán. O gbọ́dọ̀ sọ ibi tó ti kàn ọ́ nínú ayé tìrẹ. O sì gbọ́dọ̀ nawọ́ sí ẹnì kan nínú yàrá náà tó yẹ kó kọ́kọ́ yá a, ẹni náà kò sì gbọdọ̀ kọ̀ ọ́. Tó bá jẹ́ pé ohun tí o fẹ́ sọ kò ju pé ìwé náà dùn lọ, jókòó. Ọbẹ̀ ló ń dùn.

Ní ọdún tí wọ́n ń mú àwọn ọ̀dọ́ àdúgbò wa ní pápákọ̀ òfurufú torí oògùn olóró, ìgbìmọ̀ ilé ìkàwé ní kí n to pẹpẹ kan fún àwọn ìwé tó sọ̀rọ̀ nípa òwò náà, kí àwọn ọmọ lè fi kọ́gbọ́n. Mo wá ìwé kiri, mo tò wọ́n, mo nu eruku. Kò pẹ́ tí mo fi rí i pé ibi tí mo fojú sí, ọ̀nà ò gbabẹ̀. Ìtàn àwọn bàbá ìsàlẹ̀ nìkan ni wọ́n ń yá: ilé gogoro, ọkọ̀ tí gíláàsì rẹ̀ dúdú, àwọn ẹ̀ṣọ́ tó ń ṣílẹ̀kùn. Ọ̀kan nínú àwọn ọmọ náà tiẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í wọ awò dúdú jókòó kàwé. Mo bi í bóyá imú ló fẹ́ máa fi kà á.

Àbúrò mi obìnrin ló máa ń bá mi to ìwé tó bá ti ibi iṣẹ́ dé. Agéṣọ ni, nílé iṣẹ́ ìránṣọ kan tí wọ́n ti ń rán aṣọ iléèwé àti aṣọ àwọn òṣìṣẹ́ ilé ìwòsàn. Tó bá ti ki sísọ́ọ̀sì bọ aṣọ, kì í yẹ̀ kúrò lójú ìlà, ẹ̀rún aṣọ tó bá sì ṣẹ́kù lẹ́yìn rẹ̀ kò tó dí ihò etí. Mò ń fi í yangàn, kí n má purọ́. Ọ̀gá rẹ̀, ìyá kan tí kì í yin èèyàn, ti ṣèlérí pé òun máa fi í ṣe olórí àwọn agéṣọ.

Ohun tí ọ̀gá náà kò mọ̀ ni pé inú ẹ̀wọ̀n ni àbúrò mi ti kọ́ṣẹ́. Nígbà tó ṣì kéré lọ́jọ́ orí, tí gbogbo nǹkan dojú rú fún wa, àwọn kan ní kó gbé oògùn olóró mì, kó sì wọkọ̀ òfurufú lọ sókè òkun. Àwọn aṣọ́bodè mú un. Ilẹ̀ onílẹ̀ ló ti ṣẹ̀wọ̀n, ibẹ̀ ló ti mọ ẹ̀rọ ìránṣọ lò, ibẹ̀ náà ni ìwé kíkà ti wọ̀ ọ́ lẹ́jẹ̀ẹ́. Títí ìyá wa fi kú, “ìgbà tó wà lájò” ló ń pe gbogbo ọdún yẹn, àwa náà sì ń pè é bẹ́ẹ̀.

Àbúrò mi ka gbogbo ìwé orí pẹpẹ náà pátá. Nígbà tó ṣe tán, ó wá dúró níwájú mi, ó káwọ́ lẹ́rán.

“Àǹtí mi, mi ò sí níbẹ̀.”

“Níbo?”

“Nínú gbogbo ìwé yín. Ẹni tó loògùn wà níbẹ̀, ọlọ́pàá wà níbẹ̀. Ẹni tó gbé e síkùn, wọ́n á dárúkọ ẹ̀ lẹ́ẹ̀kan, á sì kú kí a tó ṣí ojú ewé kejì. Ọ̀kan péré ló mọ̀ mí.”

Ìwé pẹlẹbẹ kan báyìí ló nà sí mi, tí ẹnikẹ́ni kò yá rí. Obìnrin tó gbé oògùn rí ló kọ ọ́. Àbúrò mi ṣí i síbi tí obìnrin náà ti jókòó nínú ọkọ̀ òfurufú, tí ebi ń pa á, tí kò gbọdọ̀ jẹun torí oògùn tó gbé mì, tí wọ́n ń gbé oúnjẹ kọjá, tó sì ń rẹ́rìn-ín pé òun ti yó.

“Sátidé yìí, mo máa dìde,” ló wí.

Kò sí Sátidé tí ọ̀gá rẹ̀ kì í wá. Àga iwájú ló máa ń jókòó sí, ìtàn ìfẹ́ ló sì máa ń yá.

“Sọ pé ìwé náà dáa, kí o jókòó,” ni mo wí.

“Ọbẹ̀ ló ń dùn, Àǹtí mi.”

“Má fi mí ṣe yẹ̀yẹ́! Èmi ni mo ṣòfin yẹn, mo lè yọ ẹ́ kúrò nínú ẹ̀. Wọ́n á gbaṣẹ́ lọ́wọ́ ẹ.”

“Wọ́n lè gbaṣẹ́. Wọn ò lè gba ọwọ́ tí mo fi ń ṣe é. Tí mo bá dákẹ́, ta ló fẹ́ sọ fáwọn ọmọ yẹn pé kò sí gíláàsì dúdú kankan fún ẹni tó ń gbé e?”

Èmi tí mo máa ń pa gbogbo ayé lẹ́nu mọ́, eruku orí pẹpẹ ni mo bẹ̀rẹ̀ sí í nù.

Nígbà tí Sátidé pé, yàrá náà kún. Àbúrò mi dìde, ó di ìwé náà mú.

“Ibi tí ìwé yìí ti kàn mí ni ikùn,” ló bẹ̀rẹ̀. “Mo gbé oògùn olóró rí. Wọ́n mú mi, mo ṣẹ̀wọ̀n. Àwọn tó rán mi ò bẹ̀ mí wò, wọn ò kí ìyá mi, wọ́n wá ẹlòmíì rán. Ẹ máa ń sọ pé ẹni tó jìn sí kòtò kọ́ ará yòókù lọ́gbọ́n. Ó dáa, mo ti jìn. Ẹ wá gba ọgbọ́n yín.”

Àwọn tó wà lẹ́yìn dìde kí wọ́n lè rí i, mi ò sì ní kí ẹnikẹ́ni jókòó. Orí mi wú. Mo wò ó bó ṣe nàró síbẹ̀, omi ń dà lójú mi, mi ò sì nù ún.

Ló bá nawọ́ ìwé náà síwájú. “Ẹni tí mo fẹ́ kó kọ́kọ́ yá a ni ọ̀gá mi.”

Ìyá náà fò dìde. “Níwájú gbogbo ayé lo ti rí mi sọ ọ́ fún?”

“Ẹ má bínú, mà. Mo ti gbìyànjú ẹ̀ ní ṣọ́ọ̀bù. Ẹnu mi ò gbà á.”

“Má wá lọ́jọ́ Ajé. Má wá rárá, àfi tí mo bá ránṣẹ́ sí ẹ.”

Síbẹ̀, òfin ni òfin. Ó gba ìwé náà, ó há a sábíyá, ó jáde.

Kò ránṣẹ́. Ó wù mí kí n lọ bá a ní ṣọ́ọ̀bù rẹ̀, kí n sọ tẹnu mi fún un, àmọ́ àbúrò mi ní kí n jẹ́ kó kàwé. Àwọn aládùúgbò kan tí wọ́n máa ń kí wa tẹ́lẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í wo ilẹ̀ tí wọ́n bá rí wa. Èmi ẹ̀wẹ̀, mo bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ àbúrò mi lọ́wọ́ rìn láàárín títì, mo ń kí wọn sókè ketekete, tẹ̀gàntẹ̀gàn. Ṣé wọ́n rò pé mo jí i gbé ni? Lálẹ́, mo máa ń gbọ́ tó ń pọ́n sísọ́ọ̀sì tí kò ní aṣọ tó fẹ́ gé. Ìyẹn dùn mí wọra.

Ọ̀sán ọjọ́ kan, ọ̀gá náà wọlé. Ó gbé ìwé náà síwájú mi.

“Mo ti kà á tán.”

“Ẹ kú iṣẹ́, mà.”

“Ìwé yìí ò parí. Obìnrin yẹn jáde lẹ́wọ̀n, ó dúró lẹ́nu géètì, ó tán síbẹ̀. Níbo ló wá lọ? Ta ló gbà á síṣẹ́?” Ohùn rẹ̀ le bí ẹni tí wọ́n yàn jẹ.

“Ìyẹn ò sí nínú ìwé, mà,” ni mo dá a lóhùn. “Ẹ̀yin ni.”

Ó fa àga kan, ó jókòó, ó gbé àpò rẹ̀ lé orúnkún.

“Wọ́n ti kó aṣọ àwọn nọ́ọ̀sì dé,” ló wí. “Àwọn tó ń gé e ń bà á jẹ́ fún mi. Sọ fún un kó wá gba tábìlì ẹ̀.”