Kí Apá Kẹta Tó Dé

...kí n pè é, àbí kí n má pè é? Apá kìíní ètò náà, ọ̀rọ̀ fíìmù, ni wọ́n ṣì ń ṣe lórí tẹlifíṣàn. Lẹ́yìn ìyẹn, ti àwọn ọmọ Ìfọ́n tó ń fẹ́ ọmọ Ìlobù, èyí tí àwọn àgbà ń bínú sí nítorí ìjà ilẹ̀ ìlú méjèèjì. Ìkẹta ni ti ilé-iṣẹ́ wa tó ń ta oògùn tí wọ́n fi ń pa koríko. Ìkẹta ni tèmi.

Dọlápọ̀sí ọmọ mi, oníròyìn, ló ṣètò rẹ̀ ní Òṣogbo. "Mọ́mì, a ti fi òkùnkùn bo ojú yín, a ti yí ohùn yín padà. Ṣùgbọ́n ẹ dárúkọ Eyínmẹ́nugún nínú ọ̀rọ̀ tí ẹ bá wa sọ. Tí ẹ bá fẹ́ kí n yọ ọ́, ẹ pè mí kí apá kejì tó parí."

Eyínmẹ́nugún... Àbúrò ọkọ mi ni, ṣùgbọ́n mo bá a nílé, ìyàwó kì í sì í pe ẹni tó bá nílé lórúkọ. Èmi ni mo sọ ọ́ bẹ́ẹ̀, ọdún kẹtàlélógún rèé. Kò sẹ́lòmíì tó ń pè é bẹ́ẹ̀ ní gbogbo Ìlobù. Òkùnkùn wo ló wá kù tó ń bò mí?

Òun náà rèé níwájú mi, ó ń wo ọ̀rọ̀ fíìmù náà.

Kẹ́ẹ̀gì oògùn koríko tí ọjọ́ rẹ̀ ti kọjá — èmi ni mo ń fi omi gbígbóná ṣí bébà ara rẹ̀, tí mo ń lẹ tuntun mọ́ ọn. Ọ̀gá ní ká ṣe é. Mo ṣe é. Ìlobù rà á, àwọn ará ilé bàbá mi ní Ìfọ́n náà rà á... "Ìyàwó wa, oògùn yín yìí, ṣé ó dáa?" Eyínmẹ́nugún ló bi mí bẹ́ẹ̀. Mo ní ó dáa. Koríko bo ẹ̀gẹ́ rẹ̀, éékà méjì, mọ́lẹ̀. "Òjò ọdún yẹn ló pọ̀ jù," ló ń sọ títí dòní.

Tí ọmọ mi bá yọ orúkọ náà, màá máa gbé oúnjẹ síwájú rẹ̀ bí ẹni tí kò ṣe nǹkan kan. Tí kò bá yọ ọ́ — wọ́n á ní ìyàwó Ìfọ́n ló ba oko àwọn jẹ́. Kí wọ́n sọ ọ́. Wọ́n ti sọ jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ọmọ mi wá ńkọ́? Wọ́n á ní ìyá oníròyìn... Rárá. Ọmọ náà ti mọ̀ kó tó gbé kámẹ́rà wá. Ó sì wá.

Apá kejì ti ń lọ sópin. Mi ò ní pè é.

Ṣùgbọ́n... kí ni mo wá jókòó sẹ́yìn rẹ̀ ń retí? Pé kí tẹlifíṣàn bá mi sọ ọ́?

Áà. Ohun tí mò ń ṣe látàárọ̀ nìyẹn. Mo fẹ́ kó mọ̀, n kò kàn fẹ́ kó máa wo ojú mi nígbà tó bá ń gbọ́ ọ.

Mo gbé fóònù sílẹ̀. Mo dìde. Mo kúnlẹ̀ láàárín òun àti tẹlifíṣàn.